Aáyán wa tó fara pa: ẹ wá sọ ìrírí yín

Màmá Dárà, Manchester

Ẹ rẹ́rìn-ín tán ná kí n tó bẹ̀rẹ̀. Ní Ìbàdàn tí wọ́n ti tọ́ mi, bàtà la fi ń kí aáyán. Èmi náà ni mo wá di nọ́ọ̀sì aáyán nílùú ọba! Ọmọ mi ló ń sin aáyán Madagásíkà, èyí tí kò ní ìyẹ́ rárá, tó máa ń ṣe ṣììì tí inú bá ń bí i. Àgbà rẹ̀ lè gùn tó sẹ̀ǹtímítà 7.

Ìdérí àpótí ló ká ọmọ aáyán kan mọ́, ẹsẹ̀ ẹ̀yìn kan gé. Ẹ̀jẹ̀ wọn kì í pupa, omi lásán lẹ máa rí, àmọ́ tó bá ń sun lọ bẹ́ẹ̀, ó lè pa á. Mo fi igi òwú tí a fi ń nu etí bu ìyẹ̀fun àgbàdo kúnná sójú ọgbẹ́ náà, ó sì dá. Mo yára yọ ọ́ láàárín àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, torí wọ́n lè bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ ọgbẹ́ náà. Mo fún un ní abọ́ oníke tiẹ̀ lọ́tọ̀, páálí ẹyin tó lè sá sábẹ́ rẹ̀, kárọ́ọ̀tì, àti òwú tí mo rẹ sómi, kó má baà rì sínú abọ́ omi. Ooru dígírì 25 sí 30 ló bá wọn lára mu. Ní Manchester? Ẹ̀rọ amúlégbóná ni mo gbé e sún mọ́.

Ìyá ọkọ mi rí i lórí fídíò. "Ìyàwó mi, ṣé iṣẹ́ ti tán lọ́wọ́ ẹ̀yin ará òkè òkun ni?" Nígbà tí wọ́n rẹ́rìn-ín tán, wọ́n ní ká fi àdí pa á lára. Kí ni àdí kì í wò nílé wa!

"Ẹ má bínú, Mà, ẹ̀gbẹ́ ara ló fi ń mí. Ihò kéékèèké ló tò síbẹ̀, òróró á dí wọn."

"Ìyẹn ni pé imú rẹ̀ pọ̀ ju tèmi lọ."

Àwọn ihò yẹn náà ni ṣììì ti ń jáde. Nítorí náà, àdí o, òrí o, Vaseline o, ẹ gbé e jìnnà sí wọn.

Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni irú aáyán yìí ń bọ́ awọ kó tó dàgbà, ibẹ̀ sì ni ìrètí wa wà. Nígbà tó bọ́ ọ, ó funfun báláú, ara rẹ̀ rọ̀ pẹ̀lẹ́. Ọmọ mi nawọ́ láti gbé e, mo gbá a lọ́wọ́: ẹni bá fọwọ́ kàn án lásìkò yẹn lè sọ ọ́ di abirùn. Lẹ́yìn wákàtí mélòó kan, àwọ̀ rẹ̀ ti padà, ó ti jẹ awọ tó bọ́, ẹsẹ̀ tuntun sì ti yọ! Ó tín-ín-rín, àmọ́ ó ń tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Bó ṣe ń tún awọ bọ́ ni ẹsẹ̀ ọ̀hún ń tóbi sí i.

Bàbá Ìbejì, Lọ́ńdọ̀nù

Ẹ kú iṣẹ́, Màmá Dárà. Tèmi ti dàgbà kí ẹsẹ̀ rẹ̀ tó gé. Àgbà kì í bọ́ awọ mọ́, nítorí náà ẹsẹ̀ ò hù. Márùn-ún tó kù ló fi ń rìn. Gígun gíláàsì ti nira fún un, mo bá kó èèpo igi sínú àpótí kó lè rí nǹkan dì mú. Ó tiẹ̀ tún bímọ, òòyè sì ni wọ́n ń bí wọn. Inú ìyá ni ẹyin ti ń pa.

Ìyàwó mi ni mo ń bá fà á báyìí. Ó fẹ́ fín oògùn kòkòrò sí kíṣìnì, mo sì ń bẹ̀ ẹ́ pé oògùn ò mọ aáyán tó ní orúkọ yàtọ̀ sí èyí tí kò ní.