Máàkì búlúù méjì tó fẹ́rẹ̀ẹ́ ya èmi àti ẹ̀gbọ́n mi

Ìyá Aláṣọ, Gbági:

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará ilé. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń gbé ọ̀rọ̀ yìí sínú. Lónìí mo fẹ́ sọ ọ́ síta, torí mo mọ̀ pé kì í ṣe èmi nìkan ló ṣẹlẹ̀ sí.

Léèsì àti àǹkárá ni mo ń tà ní ọjà Gbági Tuntun. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ń gbé ní Akóbọ̀. Ọmọ ìyá, ọmọ bàbá ni wá. Láti kékeré, àwọn ló ń dirun fún mi, àwọn ló ń fà mí lọ́wọ́ lọ sílé-ìwé. Bí ọ̀rọ̀ bá le, ọ̀dọ̀ wọn ni mo máa ń kọ́kọ́ sá lọ.

Nígbà tí ilé-ìwé fẹ́ wọlé, owó ilé-ìwé àkọ́bí mi ku ₦60,000 kó tó pé, ọjà ò sì tà. Ní alẹ́ ọjọ́ Ajé kan, mo kọ̀wé sí ẹ̀gbọ́n mi lórí WhatsApp. Mo kọ ọ́, mo pa á rẹ́, mo tún un kọ. Ẹni tó bá ti tọrọ owó rí mọ bó ṣe máa ń rí lára. Mo tẹ̀ ẹ́ lọ, mo gbé fóònù kalẹ̀ lórí tábìlì, ojú mi ò kúrò lára rẹ̀. Máàkì kan. Máàkì méjì aláwọ̀ eérú. Nígbà tó ṣe díẹ̀, méjèèjì di búlúù. Àyà mi já.

Mo dúró, kò sí èsì. Mo ní bóyá wọ́n ń se oúnjẹ lọ́wọ́. Mo dúró títí oorun fi gbé mi lọ. Ilẹ̀ mọ́, kò sí nǹkan kan. Mo wá tẹ ọ̀rọ̀ náà mọ́lẹ̀, mo tẹ Info, mo sì rí aago tí wọ́n kà á: 8:47. Lọ́jọ́ náà, oníbàárà dúró níwájú mi, ó ń bèèrè èló ni ọ̀pá márùn-ún, èmi ń wo 8:47. Mo ń sọ nínú ara mi pé, wọ́n ti kà á, wọ́n mọ̀ pé ọmọ mi fẹ́ jókòó sílé, wọn ò tilẹ̀ lè sọ pé kò sí. Ibẹ̀ gan-an ló dùn mí jù. Ká ní wọ́n sọ pé kò sí ni, n ò ní bínú.

Mo lọ yá owó náà lọ́wọ́ alájọ wa, èlé sì wà lórí rẹ̀. Lọ́jọ́ Sátidé, wọ́n ń kó ọmọ jáde ní agbo ilé wa nítòsí Mápó. Mo kúnlẹ̀ kí gbogbo àgbà tó wà níbẹ̀. Nígbà tó kan ẹ̀gbọ́n mi, mo ní "Ẹ káàárọ̀ mà", mo kọjá lọ. N kò tẹ orúnkún. Gbogbo èèyàn rí i. Bí mo ṣe ń lọ, mo gbọ́ tí ọ̀rọ̀ dá mọ́ wọn lẹ́nu.

Lọ́jọ́ kẹrin sí ìyẹn, wọ́n wá bá mi ní ṣọ́ọ̀bù. Òjò ń rọ̀, gèlè wọn ti rin gbindin. Mo ní kí wọ́n jókòó, wọn ò jókòó. Wọ́n ní, "Kí ni mo fi ṣe ọ́?" N ò lè dáhùn. Mo kàn ṣí fóònù, mo nà án sí wọn. Wọ́n kà á lórí ìdúró, wọ́n tún un kà. Wọ́n ní, "Ìgbà wo lo kọ eléyìí?" Mo ní alẹ́ Ajé, ẹ kà á ní 8:47. Wọ́n wá dákẹ́, wọ́n ń rántí. Àbíkẹ́yìn wọn, ọmọ ọdún mẹ́fà, ló gba fóònù lọ́wọ́ wọn lálẹ́ ọjọ́ náà, tó ń fi ṣe géèmù títí tó fi sùn mọ́ ọn. Gbogbo ohun tó bá ti yọ lórí fóònù ló máa ń tẹ̀. Ó ṣí ọ̀rọ̀ mi, ó tì í pa. Nígbà tí ìyá rẹ̀ máa fi gba fóònù padà, àmì aláwọ̀ ewé tó ń fi hàn pé ọ̀rọ̀ tuntun wà níbẹ̀ ti kúrò, ọ̀rọ̀ ṣọ́ọ̀ṣì àti ti òbí ilé-ìwé sì ti bò ó mọ́lẹ̀.

Wọ́n ní, "Ìwọ náà, kí ló dé tí o ò pè mí?" Ẹ gbà mí, n ò rí èsì fún ìbéèrè yẹn. Mo kúnlẹ̀ sáàárín àwọn ìdì aṣọ, mo bẹ̀ wọ́n. Níbẹ̀ náà ni wọ́n ti fi ₦60,000 ránṣẹ́ sí àkáǹtì mi, wọ́n ní kí n lọ fi san gbèsè alájọ.

Ohun tó jẹ́ kí n kọ èyí ni pé mo fẹ́ mọ ohun tí àwọn máàkì yìí ń sọ gan-an. Ẹ̀yin tí irú rẹ̀ ti ṣe, ẹ jẹ́ ká gbọ́ tiyín.

Atúnfóònùṣe, Sángo:

Mọ̀mí, ẹ kú ọ̀rọ̀ ẹ̀gbọ́n yín. Iṣẹ́ fóònù ni mo ń ṣe, kò sí ọ̀sẹ̀ kan tí wọn kì í gbé ẹjọ́ máàkì wá bá mi.

Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ nìyí. Máàkì kan túmọ̀ sí pé ọ̀rọ̀ yín ti kúrò lórí fóònù yín, ó ti dé ọ̀dọ̀ kọ̀ǹpútà WhatsApp, àmọ́ kò tíì dé fóònù ẹni tí ẹ kọ ọ́ sí. Ó lè jẹ́ pé fóònù onítọ̀hún kú, ó lè jẹ́ pé kò sí dátà. WhatsApp máa ń tọ́jú rẹ̀ dè é fún 30 ọjọ́. Máàkì méjì aláwọ̀ eérú, ó ti wọ inú fóònù rẹ̀. Búlúù, wọ́n ti ṣí i. Oṣù kọkànlá ọdún 2014 ni búlúù yìí bẹ̀rẹ̀. Kó tó dìgbà náà, máàkì méjì ni òpin ohun tí èèyàn lè rí.

Ẹ kíyè sí i pé "wọ́n ti ṣí i" ni mo sọ. Fóònù ò mọ ọwọ́ tó ṣí i. Bí ọ̀rọ̀ bá wọlé nígbà tí ojú ewé yín wà ní ṣíṣí lórí fóònù tó wà lórí bẹ́ẹ̀dì, ó lè di búlúù láìsí èèyàn ní yàrá. Oníbàárà mi kan ṣí WhatsApp sílẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà ibi iṣẹ́ rẹ̀, ó lọ jẹ àmàlà. Kó tó dé, ọ̀rọ̀ ìyàwó rẹ̀ ti di búlúù mẹ́rin. Ìjà ọjọ́ yẹn ò kéré. Òdìkejì rẹ̀ náà wà: èèyàn lè ka gbogbo ọ̀rọ̀ yín látorí ìkìlọ̀ tó ń yọ lókè fóònù, láì ṣí i rárá, eérú náà ni yóò máa wà.

Ẹ má sì fi òfin WhatsApp dá ẹjọ́ ibòmíràn. Lórí Telegram, máàkì kan ni pé ó ti dé ọ̀dọ̀ kọ̀ǹpútà Telegram, méjì ni pé wọ́n ti kà á. Kò sí èyí tó ń sọ pé ó ti wọ fóònù. Àwọn tó ń fi iPhone kọ̀wé síra wọn máa ń rí Delivered lábẹ́ ọ̀rọ̀, bí ẹni tó gbà á bá sì fẹ́ kí wọ́n mọ̀ nìkan ni yóò kọ Read. Àtẹ̀jíṣẹ́ lásán tí a ń fi owó káàdì rán, bó ti wù kó rí, kò lè sọ fún yín pé wọ́n kà á.

Ẹ jẹ́ n sọ èyí tí kò kúrò lọ́kàn mi. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan gbé fóònù wá, ó ní kí n bá òun tún un ṣe, pé ọ̀rọ̀ tí òun ń kọ sí àfẹ́sọ́nà òun, máàkì kan ló ń mú láti ọ̀sẹ̀ méjì. Mo wò ó, gbogbo ọ̀rọ̀ tó kọ sí àwọn ẹlòmíràn ló ti wọlé. Àwòrán ọmọbìnrin náà ti pòórá lórí fóònù tirẹ̀. Ó ní kí n fi tèmi gbìyànjú. Mo kọ "Ẹ káàsán" sí nọ́ńbà náà níṣojú rẹ̀. Máàkì méjì, kíá. Àwòrán ọmọbìnrin náà sì wà níbẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín. A jọ ń wò ó. Kò sọ̀rọ̀. Ó bèèrè pé èló ni owó iṣẹ́ mi, mo ní kò sí. Ó ṣáà yọ ₦500 sílẹ̀, ó lọ. Nítorí náà, n kò lè purọ́ fún yín pé máàkì kan kì í ṣe bulọ́ọ̀kù (kí ẹnìkan dí ọ̀nà mọ́ ọ̀rọ̀ yín) láéláé. Nígbà mìíràn, òun ni.

Nọ́ọ̀sì Alẹ́:

Ìyá Aláṣọ, omi bọ́ lójú mi.

Èmi ti pa búlúù tèmi. Ẹ lọ sí Settings, ẹ wọ Privacy, ẹ pa Read receipts. Iṣẹ́ alẹ́ ni mo ń ṣe. Mo lè ka ọ̀rọ̀ ní aago méjì òru láàárín aláìsàn méjì, kí n má sì ráyè dáhùn títí ilẹ̀ á fi mọ́. Àwọn èèyàn mi wá ń sọ pé mo ti di ẹni ńlá. Nígbà tí mo pa á, ara tù mí. Àmọ́ ohun tí ẹ bá fi pamọ́ fún wọn, wọ́n á fi pamọ́ fún ẹ̀yin náà: n kì í mọ̀ mọ́ bóyá ẹnikẹ́ni ka tèmi.

Ohun tí n kò mọ̀ tẹ́lẹ̀ ni ti ohùn. Màmá mi ní Ìsẹ́yìn kò kàwé, ohùn ni wọ́n máa ń gbà sílẹ̀ ránṣẹ́. Mo rò pé wọn ò lè mọ̀ bí mo bá gbọ́ ọ. Lọ́jọ́ kan, wọ́n pè, wọ́n ní, "O ti gbọ́ mi láti àná, gbohùngbohùn kékeré yẹn ti di búlúù." Àbúrò mi ló kọ́ wọn. Òótọ́ ni, bí ẹ tilẹ̀ pa Read receipts, ohùn tí ẹ bá ti gbọ́ yóò ṣì fi hàn. Láti ìgbà náà, kí n tó tẹ ohùn màmá mi, mo máa ń rí i dájú pé mo ní ìṣẹ́jú kan láti fi sọ pé, "Mo gbọ́ yín, màámi, mo wà níbi iṣẹ́."

Akápò Ẹgbẹ́:

Tiwa ò gùn. Nínú ẹgbẹ́ onílé àdúgbò wa lórí WhatsApp, mo kọ iye owó tá a máa dá fún tiransifọ́mà. Ẹnìkan ní òun ò rí i. Mo tẹ Info, orúkọ rẹ̀ wà lára àwọn tó ti kà á. Mo kọ́kọ́ fẹ́ gbé e síta fún gbogbo ilé, mo sì dúpẹ́ pé n kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ wá sọ fún mi ní kọ̀rọ̀ pé wọ́n ti dá a dúró níbi iṣẹ́. Fún àlàyé: nínú ẹgbẹ́, ó dìgbà tí gbogbo èèyàn bá ti kà á kó tó di búlúù, ẹni tó sì pa tirẹ̀ kò lè sá pamọ́ níbẹ̀.

Bàbá Tíṣà, Òkè-Àdó:

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú iṣẹ́ o. Nígbà tí a ń kọ lẹ́tà, bí ọ̀rọ̀ bá ṣe pàtàkì, a ó lọ sí Post Office ní Dùgbẹ̀, a ó fi í ránṣẹ́ bíi rẹ́jísítà, ẹni tó bá gbà á yóò fọwọ́ sí ìwé. Àwọn baba wa ní àrokò ṣáájú ìyẹn. Bí wọ́n bá fi owó ẹyọ mẹ́fà ránṣẹ́ sí ọ, ọkàn wọn fà sí ọ nìyẹn. Bí ìwọ náà bá dá mẹ́jọ padà, o gbà pé ọ̀rọ̀ yín jọ. Àmọ́ èèyàn ló ń gbé àrokò lọ. Bó bá padà dé, yóò sọ bí ojú ẹni tó bá nílé ṣe rí. Máàkì tiyín yìí ò ní ojú tó lè sọ. Àgbọ́ẹjọ́ ẹnìkan dá ni, ẹni tí a ń dá lẹ́jọ́ kò sì sí níbẹ̀.

Mo ń bá yín wí, ọ̀rọ̀ náà sì kàn mí. Ọmọ mi ọkùnrin wà ní Kánádà. Láti ọjọ́ Àìkú ni mo ti kọ̀wé sí i, máàkì kan. Òní ni Ọjọ́bọ̀. Mo ti ń sọ fún ìyá rẹ̀ pé ó ti gbàgbé wa. Nígbà tí mo ka ti bulọ́ọ̀kù yẹn, ẹsẹ̀ mi tutù.

Atúnfóònùṣe, Sángo:

Bàbá, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má rò ó débẹ̀. Ẹ pè é ní láìnì gan-an, kì í ṣe lórí WhatsApp. Bí kò bá wọlé, ẹ pe ìyàwó rẹ̀. Ẹ pè wọ́n báyìí.

Ìyá Aláṣọ, Gbági:

Ẹ pè wọ́n, Bàbá. Ẹ má ṣe bíi tèmi.

Bàbá Tíṣà, Òkè-Àdó:

Mo ti pè. Tirẹ̀ ò lọ, mo bá pe ti ìyàwó rẹ̀, ó sì gbé fóònù fún un. Fóònù tirẹ̀ ló já sínú omi níbi tó ti ń fọ abọ́, kò tíì rówó ra òmíràn. Ó ní bí ọjọ́ ṣe ń gorí ọjọ́ tí n kò pè, òun rò pé mo ń bínú sí òun ni. Ìyá rẹ̀ gba fóònù lọ́wọ́ mi, wọn ò tíì parí. Ó ní kí n kí gbogbo yín.