Viking ní Yorùbá: ajalèlókun kọ́, akọni náà kọ́

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ará mi. Mo ti ka gbogbo ohun tẹ́ ẹ kọ lórí ohun tó yẹ ká máa pe àwọn Viking, ìyẹn àwọn ará Nọ́wè, Dẹ́nmáàkì àti Swídìn tó ń wakọ̀ òkun láyé àtijọ́, lédè wa nínú àkójọ ọ̀rọ̀ tá à ń ṣe fáwọn olùkọ́, mo sì fẹ́ dá sí i torí ọ̀rọ̀ yìí ò tíì yanjú rárá. Fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ̀, ibi tó dé dúró rèé: bàbá wa kan ní "ajalèlókun" ni ká máa pè wọ́n, torí olè ni wọ́n, orí òkun ni wọ́n sì ti ń jà á. Àbúrò wa kan ní rárá o, "akọni ojú òkun" ló tọ́ sí wọn, àwọn tó láyà láti wakọ̀ lọ síbi tẹ́nì kan ò mọ̀. Ẹnì kẹta ní kí ló dé tá à ń da ara wa láàmú, ká kàn kọ ọ́ ní "Fáíkìn" kó parí. Èmi fara mọ́ ẹnì kẹta yẹn, àmọ́ ó ṣì ku díẹ̀ káàtó, torí orúkọ àwọn èèyàn yẹn nìkan ni Fáíkìn yanjú, kò sọ ohun tí wọ́n ń ṣe, ohun tí wọ́n ń ṣe yẹn gan-an sì ni ìjà wa.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ wo bí àwọn tó ni ọ̀rọ̀ ṣe ń lò ó. Nínú èdè Norse àtijọ́, ìyẹn èdè tiwọn, víkingr ni ẹni tó ń ṣe é, víking ni ìrìn náà fúnra ẹ̀, wọ́n á ní lágbájá ti lọ "í víking", ìyẹn ni pé ó ti bá ọkọ̀ lọ sókèèrè lọ kó ẹrù ẹlẹ́rù. Iṣẹ́ ni, kì í ṣe orúkọ ẹ̀yà. Òkúta kan wà ní Västra Strö, gúúsù Swídìn, tẹ́nì kan gbẹ́ ọ̀rọ̀ sí lára ní ìrántí arákùnrin ẹ̀ tó ń jẹ́ Azur, ohun tó kọ síbẹ̀ ni pé apá àríwá ló kú sí, nínú víking. Òmíì tún wà ní Växjö, Toki ló gbé e kalẹ̀ fún Gunnar ọmọ Grim, ó gbàdúrà pé kí Ọlọ́run ran ẹ̀mí ẹ̀ lọ́wọ́, Kìrìsìtẹ́nì ni nìyẹn o, àmọ́ bó ṣe kọ orúkọ ara ẹ̀ ni "Toki víkingr". Bàbá wa, ẹ jọ̀ọ́, ta ló máa jókòó gbẹ́ "èmi Toki ajalèlókun" sára òkúta tó fẹ́ kí gbogbo ará ìlú máa kà títí ayé?

Mi ò ní fi ohun tó gbe ọ̀rọ̀ bàbá pa mọ́. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì ti ní ọ̀rọ̀ yìí lẹ́nu tipẹ́, ní nǹkan bí ọdún 700 tí àwọn Viking ò tíì kógun wọ erékùṣù Lindisfarne ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì rárá, ọ̀rọ̀ tó jẹ mọ́ ọn ni wọ́n fi túmọ̀ ọ̀rọ̀ Látìn tó jẹ́ olè orí omi. Àwọn ìtàn tí wọ́n kọ sílẹ̀ ní Áísílándì náà sọ pé Ọba Harald Onírun-rere ti Nọ́wè kó ọkọ̀ lọ sí àwọn erékùṣù Orkney àti Shetland lọ lé àwọn víkingr tó ń wá yọ ìlú tiẹ̀ lẹ́nu. Ẹ rí i báyìí pé ọba Nọ́wè fúnra ẹ̀ ń lé víkingr. Bí víkingr bá jẹ́ orúkọ ẹ̀yà, ara ẹ̀ ló ń lé nìyẹn. Ẹni tí ọ̀rọ̀ ọ̀hún kàn ló ń sọ bó ṣe rí lára ẹ̀: ẹni tó lọ tó bọ̀ pẹ̀lú fàdákà ń fi yangàn, ẹni tí wọ́n wá bá nílé ń sunkún.

Àwọn tí wọ́n ń wá bá gan-an ò pè wọ́n ní Viking. Gẹ̀ẹ́sì ń pè wọ́n ní ará Dẹ́nmáàkì bó tiẹ̀ jẹ́ Nọ́wè ni wọ́n ti wá, àwọn ará ilẹ̀ tó di Faransé lónìí ń pè wọ́n ní ará àríwá, Áyálándì ń pè wọ́n ní àjèjì, lápá ìlà oòrùn Rus lorúkọ wọn, ibẹ̀ ni orúkọ Rọ́ṣíà ti wá. Ní 844 tí wọ́n kó ogun wọ Seville ní Sípéènì, àwọn Lárúbáwá tó ni ìlú nígbà yẹn pè wọ́n ní Májúsì. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ lọ ilé kéwú mọ ọ̀rọ̀ yẹn dáadáa, abọná ni Májúsì, àwọn ará Páṣíà, ó wà nínú Kùránì, àmọ́ wọ́n fi pe àwọn èèyàn wọ̀nyí torí kèfèrí ni wọ́n kà wọ́n sí. Ọ̀rọ̀ Viking tá à ń jà lé lórí yìí, ọgọ́rùn-ún ọdún kọkàndínlógún ló tó wá di orúkọ tí gbogbo ayé ń pe àwọn èèyàn yẹn lápapọ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi fara mọ́ Fáíkìn fún orúkọ àwọn èèyàn ọ̀hún àti ìgbà wọn, láti bí 790 sí 1066. A ti sọ David di Dáfídì, a sọ Eve di Éfà, f ló máa ń rọ́pò v lẹ́nu wa, kò sí wàhálà níbẹ̀.

Àmọ́ akọni? Àbúrò mi, mi ò lè gbà fún yín níbi yìí. Inú fíìmù lẹ ti rí akọni yẹn, òun náà ni fíìmù gbé àṣíborí oníwo lé lórí, bẹ́ẹ̀ aṣọ eré orí ìtàgé kan ní Jámánì ní 1876 ló gbé ìwo yẹn káyé, èyí tí wọ́n hú jáde nílẹ̀ ní Gjermundbu ní Nọ́wè ní 1943 ò níwo kankan, irin roboto ni, ó ní ohun tó bo ojú bí awò. Ẹ wá wo ohun táwọn akọni yìí ṣe. Ní ọjọ́ 8 oṣù kẹfà 793 wọ́n já wọ erékùṣù Lindisfarne, ilé àwọn àlùfáà tí ò ní idà ò ní ọ̀kọ̀, wọ́n pa wọ́n, wọ́n kó wúrà ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n kó àwọn kan lẹ́rú lọ. Ní 821 wọ́n dé Howth lẹ́bàá ibi tí Dublin wà lónìí, ìwé ìtàn Áyálándì kọ ọ́ sílẹ̀ pé ọ̀pọ̀lọpọ̀ obìnrin ni wọ́n kó nígbèkùn. Kò kọ orúkọ ìkankan nínú wọn. Ẹni tó bá fẹ́ fi akọni pe àwọn tó kó wọn, kó kọ́kọ́ ro ti àwọn obìnrin yẹn ná.

Yorùbá ní ọ̀rọ̀ tó bá iṣẹ́ yẹn mu wẹ́kú, kò sídìí tá a fi ń wá òmíì: sùnmọ̀mí. Kí ogun ṣàdédé já wọ ìlú tí ò rò ó tẹ́lẹ̀, kó kó ẹrù, kó kó èèyàn, kó sì ti lọ kí ọmọ ogun ìlú tó kó ara wọn jọ, kí ni sùnmọ̀mí tún jẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ? Àwọn bàbá wa mọ̀ ọ́n láyé ogun ẹrú, ojú wọn rí i. "Ó re sùnmọ̀mí", "wọ́n gbé sùnmọ̀mí dé", gbogbo ẹ̀ ló bọ́ sí i. Mo mọ ohun tẹ́ ẹ máa sọ, pé àwọn oníròyìn ti gba agbésùnmọ̀mí fún àwọn tó ń ju bọ́ǹbù, òótọ́ ni, ẹni tó bá kà á pé agbésùnmọ̀mí wọ Paris ní 845, ohun míì ló máa wá sí i lọ́kàn. Nítorí náà ká fi agbésùnmọ̀mí sílẹ̀ fún rédíò, ká mú "sùnmọ̀mí ojú òkun" fún iṣẹ́ náà àti "onísùnmọ̀mí" fún ẹni tó lọ. Kì í ṣe gbogbo Fáíkìn ni onísùnmọ̀mí, àwọn tó pọ̀ jù nínú wọn ò kúrò lóko wọn rí, bí ọkà ṣe máa yọ lórí ilẹ̀ tútù yẹn ni wọ́n ń rò.

Ẹnì kan tún ní ká má lo "ẹrú" fún àwọn tí wọ́n kó, ká lo "ìwọ̀fà" kó má baà le jù. Rárá o. Iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe ni èlé orí gbèsè, ó mọ ilé bàbá ẹ̀, ọjọ́ tí wọ́n bá san owó olówó ló ń lọ. Obìnrin Howth wo ló jẹ ẹnikẹ́ni ní gbèsè? Wọ́n ń tà wọ́n bí ọjà ni, Dublin fúnra ẹ̀ di ọjà ẹrú ńlá. Ìwádìí tí wọ́n ṣe lórí DNA àwọn ará Áísílándì fi hàn pé ju ìdajì lọ lára àwọn ìyá àkọ́kọ́ tó dé erékùṣù yẹn ló ṣẹ̀ wá láti Áyálándì àti Skọ́tílándì, bẹ́ẹ̀ ọ̀pọ̀ bàbá wọn wá láti Nọ́wè. Kì í ṣe gbogbo wọn ló dé bẹ̀ bí ẹrú, àmọ́ ọ̀pọ̀ ni. Ẹrú ni ká kọ, kó le bó ṣe le.

Lẹ́yìn sùnmọ̀mí, iṣẹ́ kejì tí àwọn Fáíkìn ń ṣe ni òwò, a ní "àjàpá" fún un, kíkó ọjà láti ìlú kan dé ìlú kejì. Ìtàn kan wà tó fi hàn bí àjàpá àti sùnmọ̀mí ṣe lè jọra lójú. Ní nǹkan bí 789 ọkọ̀ mẹ́ta gúnlẹ̀ sí Portland létí òkun gúúsù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ajẹ́lẹ̀ ọba tó wà ní Dorchester, Beaduheard lorúkọ ẹ̀ (ajẹ́lẹ̀ ni mo pè é torí iṣẹ́ ajẹ́lẹ̀ gan-an ló ń ṣe, ojú ọba ni níbẹ̀), gun ẹṣin jáde pẹ̀lú àwọn èèyàn díẹ̀, ó rò pé oníṣòwò ni wọ́n, ó bá fi ohùn àṣẹ sọ fún wọn pé kí wọ́n máa bọ̀ níwájú ọba. Wọ́n pa á níbẹ̀, wọ́n pa àwọn tó tẹ̀ lé e. Ajẹ́lẹ̀ yẹn kì í ṣe òmùgọ̀, ohun tó ti ń rí tẹ́lẹ̀ ló rò pé òun tún rí, torí ìlú ẹ̀ ti ń rí àwọn alájàpá ojú omi. Ẹ sì tún wo Ohthere, ará ìpẹ̀kun àríwá Nọ́wè, tó dé ààfin Ọba Alfred nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí wọ́n sì kọ ọ̀rọ̀ ẹnu ẹ̀ sílẹ̀. Ó ní àgbọ̀nrín ìlú òtútù 600 tí òun ń sìn, màlúù 20, àgùntàn 20, ẹlẹ́dẹ̀ 20, ẹṣin ló fi ń túlẹ̀, ó ń gba ìṣákọ́lẹ̀ lọ́wọ́ àwọn Sámi, ẹ̀yà míì tó ń gbé lápá àríwá yẹn, ó ń lépa ẹran òkun tí eyín ẹ̀ gùn bíi ti erin, ó sì ń wakọ̀ lọ sí Hedeby, ìlú ọjà. Ó gbé díẹ̀ nínú eyín yẹn wá fún ọba. Ewo nínú ajalèlókun àti akọni lẹ máa pe èyí? Àgbẹ̀, ọdẹ, alájàpá, olówó ìlú.

Iṣẹ́ kẹta ni títẹ ìlú dó, òun ló dùn mọ́ mi jù torí ẹnu wa já geere níbẹ̀: "tẹ̀dó", "atẹ̀lúdó". Ní 865 ogun ńlá kan gúnlẹ̀ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n gba York, wọ́n ń gba owó ìtánràn láti ìlú dé ìlú, àmọ́ ní 876 ìwé ìtàn Gẹ̀ẹ́sì sọ pé Halfdan tó jẹ́ olórí wọn pín ilẹ̀ Northumbria fáwọn èèyàn ẹ̀, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í roko. Ọdún mọ́kànlá péré, ẹni tó wá bí onísùnmọ̀mí ti di atẹ̀lúdó tó ń túlẹ̀. Ẹ̀yin ará wa tẹ́ ẹ̀ ń gbé Derby àti Grimsby, "by" tó gbẹ̀yìn orúkọ yẹn, tiwọn ni, abúlé tàbí ìletò ló jẹ́. Ní Áísílándì, bí 870 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í débẹ̀, nígbà tó máa fi di 930 wọ́n ti ní ìpàdé gbogboogbò lọ́dọọdún ní Þingvellir, ìta gbangba ni wọ́n ti ń ṣe é, kò sọ́ba. Wọn ò tíì máa kọ òfin sílẹ̀ nígbà yẹn, orí èèyàn kan ló wà, ìdá kan nínú mẹ́ta ni yóò pè fún wọn létí lọ́dún kan, tó bá fi di ọdún kẹta ó ti pe gbogbo ẹ̀ tán. Ẹnì kan fi "aṣòfin" túmọ̀ oyè ọkùnrin yìí, kò rí bẹ́ẹ̀, kò ṣe òfin kankan, ó ń pè é ni. Mo dábàá "apòfin", bí a ṣe ń sọ apọfọ̀, ẹ bá mi yẹ̀ ẹ́ wò.

Tẹ̀dó yìí náà ní ibi tí kò bá mu. Gíríìnlándì bá a mu, ọkọ̀ 25 ló bá Erik Pupa kúrò ní Áísílándì ní nǹkan bí 985, 14 péré ló débẹ̀, àmọ́ àwọn tó débẹ̀ kọ́lé, wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì, ọmọ ọmọ wọn ṣì ń ṣe ìgbéyàwó ní Hvalsey níbẹ̀ ní 1408. Àmọ́ L'Anse aux Meadows ní Newfoundland lápá Kánádà tí Helge Ingstad àti Anne Stine Ingstad ṣàwárí ní 1960, ọ̀tọ̀ ni. Ilé oníkoríko mẹ́jọ ni, wọ́n rọ irin níbẹ̀, wọ́n fi irin mímú gé igi, igi yẹn ló sì jẹ́ káwọn onísáyẹ́ǹsì mọ̀ pé ọdún 1021 gan-an ni wọ́n gé e. Kò sí ilé ẹran níbẹ̀, ààtàn wọn kéré, wọ́n wá, wọ́n tún ọkọ̀ ṣe, wọ́n wo ilẹ̀ yíká, wọ́n sì padà. "Bùdó" nìyẹn, ọ̀rọ̀ kan náà tí mo máa lò fún ibi tí wọ́n dó ọkọ̀ sí ní Dublin ní 841 kó tó wá di ìlú. Ẹni tó kọ "ìlú tí àwọn Viking tẹ̀ dó ní Amẹ́ríkà" sínú àkójọ ọ̀rọ̀ wa, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa yí i sí bùdó kí wọ́n tó gbé e lọ fáwọn olùkọ́ tó ní kí wọ́n bá àwọn ṣe é.