Òòyì ló kọ́ ilẹ̀ náà: orúkọ wo ló yẹ ibi tí ìṣẹ̀dá ti ń dàrú?

Ọ̀rọ̀ tó wà nílẹ̀ kò ju èyí lọ. Ẹnìkan ń kọ ìtàn àròsọ nípa ayé kan tí kò sí níbì kankan àfi nínú ọpọlọ rẹ̀. Nínú ayé náà, àfonífojì kan wà tí nǹkan kì í ti í ṣe bó ṣe yẹ kó ṣe. Obìnrin kan da omi sílẹ̀, omi náà gùn padà sínú ìkòkò. Ọkùnrin kan gbọ́ ìdáhùn kó tó pe ẹni tó fẹ́ pè. Ẹni tó ń rìn lọ rí ipasẹ̀ ara rẹ̀ níwájú, ó sì ń tẹ̀ lé e. Kò sí ẹni tó ṣe é, kò sì sí ẹni tó lè dá a dúró. Òǹkọ̀wé náà wá ń bèèrè: kí ni ká máa pè é ní Yorùbá? Àwọn kan ní "ìyídà òtítọ́", àwọn kan ní "idán", ẹnìkan sì ní ká kúkú yá "anomaly" lọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì, ká kọ ọ́ ní "ánómálì", ká lọ sùn.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ gbé "ìyídà òtítọ́" kúrò lójú ọ̀nà. Òtítọ́ nínú èdè wa, ẹnu ló ń gbé. Irọ́ ni ọ̀tá rẹ̀. A máa ń sọ òtítọ́, a máa ń fi òtítọ́ pamọ́, ẹni tó bá sì yí òtítọ́ po, kóòtù ló ń lọ, kì í ṣe àfonífojì. Omi tó gùn padà sínú ìkòkò kò parọ́ fún ẹnikẹ́ni. Bí ẹ bá kọ "ìyídà òtítọ́" síbẹ̀, òǹkàwé á kàn máa wá ẹlẹ́rìí èké kiri inú ìtàn ni. Ohun tó dàrú níbẹ̀ ni bí nǹkan ṣe rí gan-an, ìyẹn ìṣẹ̀dá.

Ti idán ló gba àròjinlẹ̀, torí a kò tòṣì ọ̀rọ̀ lápá ibẹ̀ rárá. Kánàkò ń ká ọ̀nà bí ẹní, ọ̀nà jíjìn á di ìtòsí. Egbé ń gbé ènìyàn láti ibì kan dé ibòmíràn kí ojú tó ṣẹ́. Àféèrí ń sọ ẹni tó wà níwájú rẹ di àwátì. Tí a bá wo iṣẹ́ wọn nìkan, a lè ní ohun tí àfonífojì yìí ń ṣe náà nìyẹn. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí a ṣe ń lò wọ́n nínú gbólóhùn: ẹnìkan ló ń lo kánàkò, ẹnìkan ló ń pe egbé, ẹnìkan náà ló ní àféèrí lọ́wọ́. Gbogbo wọn ló ní ẹni tó ń lò wọ́n. Èèdì náà rí bẹ́ẹ̀. Bí a bá ti ní "wọ́n fi èèdì dì í", "wọ́n" yẹn ti wọ inú ìtàn pẹ̀lú ẹsẹ̀ méjèèjì, òǹkàwé kò sì ní sinmi títí tí a ó fi fi ẹni tó ṣe é hàn án. Ẹni tó lo kánàkò mọ ibi tó ń lọ. Ẹni tó wọ àfonífojì yẹn kò mọ̀, àfonífojì náà fúnra rẹ̀ kò sì mọ̀.

Èèmọ̀ ńkọ́? Èèmọ̀ dára lẹ́nu ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ rí i, tó figbe ta pé "èèmọ̀ rèé o!" Ibẹ̀ ni kó mọ. A máa ń fi bú ọmọ aláìgbọràn pẹ̀lú.

Mi ò bá ọ̀rọ̀ àyálò jà. Rédíò ni mò ń pe rédíò, bó tilẹ̀ jẹ́ pé asọ̀rọ̀mágbèsì ń pa mí lẹ́rìn-ín títí dòní. Ayára-bí-àṣá bá kọ̀ǹpútà du ipò, kọ̀ǹpútà ló borí lẹ́nu ọ̀pọ̀ wa. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ àyálò máa ń bá ẹrù wọlé ni. Kọ̀ǹpútà wà lórí tábìlì, gbogbo wa ń fojú rí i, orúkọ rẹ̀ kò ní láti ṣe àlàyé kankan. Ta ló máa gbé àfonífojì yìí wá sílé fún òǹkàwé? Orúkọ yẹn nìkan ni ojú tí yóò fi rí i. Ánómálì kò sì fi nǹkan kan hàn án.

Òòyì ni èmi mú wá. Gbogbo wa la mọ "òòyì ń kọ́ mi": ènìyàn dúró, ilẹ̀ dúró, síbẹ̀ ó ń rí i bí ẹni pé ilẹ̀ ń yí. Ní àfonífojì yìí, ẹ yí i padà: ara onítọ̀hún le koko, orí rẹ̀ pé, ilẹ̀ gan-an ni òòyì kọ́. Òòyì ilẹ̀. Kò ní ẹni tó ń lò ó, kò ní ẹ̀bi, ó ń wá, ó sì ń lọ bó ṣe wù ú. Ó sì bá ọ̀rọ̀-ìṣe tirẹ̀ wá. Òǹkọ̀wé lè kọ ọ́ pé "òòyì kọ́ àfonífojì náà láti ìrọ̀lẹ́", òǹkàwé kò sì ní béèrè ìtumọ̀.

Ẹ̀gbọ́n kan ti ní kí n ṣọ́ra, pé ìmìtìtì ilẹ̀ ni àwọn ènìyàn yóò gbọ́. Òótọ́ ni wọ́n sọ, bó bá jẹ́ pé ilẹ̀ nìkan la so mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n òòyì ló ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀, ohun tó tẹ̀ lé e lè yí padà. Ìdáhùn tó ṣáájú ìpè, òòyì ọjọ́ nìyẹn. Ojú ọ̀nà tó gùn sí i bí a ti ń rìn ín, òòyì ọ̀nà. "Òòyì ayé" nìkan ni n kò ní gbà, nítorí ayé lẹ́nu Yorùbá lè jẹ́ àwọn ọ̀tá ènìyàn, ilé aláwo ni òǹkàwé yóò sì gbà lọ.

Ẹ̀gbọ́n yìí kan náà ló dá "ìlọ́ṣẹ̀dá" lábàá, láti ara lọ́ àti ìṣẹ̀dá. Ó mọ́, ó tọ̀nà, ó sì ń rùn kíláàsì díẹ̀. Bí amòye kan bá wà nínú ìtàn náà tó ń fi gègé kọ ohun tó rí sílẹ̀, ẹ fún un ní ìlọ́ṣẹ̀dá, yóò yẹ ẹ́. Kí ará abúlé máa sọ òòyì. Ẹni tó fẹ́ gé e kúrú sí "àlọ́" ní tirẹ̀, ìjàpá kò ní gbà fún un.

Ohun tó kù tí n kò tíì rí kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn ni etí ibẹ̀, ibi tí omi ti kọ́kọ́ ń ṣe bí ẹni tí kò fẹ́ kán sílẹ̀. Òǹkọ̀wé náà kọ "ẹnu òòyì". Ẹnu ọ̀nà la mọ̀, ẹni tó bá sì dé ẹnu ọ̀nà mọ̀ pé òun fẹ́ wọlé. Àwọn ènìyàn inú ìtàn yìí kì í mọ̀ títí wọn yóò fi bọ́ sínú rẹ̀. Bèbè ni mo rò pé ó bá a mu, bèbè òòyì, àfi tí ẹlòmíràn bá ní èyí tó sàn jù ú lọ.