Bí mo ṣe fi àwo ka èèyàn lẹ́yìn òkè Ṣábẹ

Oṣù karùn-ún ọdún 2013 ni, nígbà tí wọ́n ń ka gbogbo ará orílẹ̀-èdè Benin ní ẹlẹ́ẹ̀kẹrin. Mo wà lára àwọn tó ń kànìyàn, apá Ṣábẹ, ìlú Yorùbá kan láàárín orílẹ̀-èdè náà, ni wọ́n sì pín mi sí. Ọmọ Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) ni mí, ilẹ̀ pẹrẹsẹ, etí ọ̀sà. Bí mo ṣe sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ tí mo rí àwọn àpáta ràbàtà tó yọ orí lẹ́yìn ìlú, mo dúró, mò ń wò wọ́n títí.

Èrò mi ni pé àárín ìlú ni iṣẹ́ máa pọ̀ sí. Rárá o. Òjò ti dé, àwọn èèyàn ti kó lọ sóko. Lọ́dọ̀ wa, bí àgbàdo àkọ́rọ̀ bá kùnà, a ó tún gbin ti àrọ̀kúrò. Ṣùgbọ́n Ṣábẹ wà níbi tí òjò méjèèjì ti ń wọnú ara wọn di ọ̀kan bí èèyàn ṣe ń lọ sókè, ẹni tó bá fi ìbẹ̀rẹ̀ òjò ṣeré níbẹ̀ ti fi ọdún náà ṣeré. Nítorí náà, ahéré ni mo ń tọ̀ kiri. Mo bá ọmọ Ṣábẹ, mo bá Màhí àti Fọ̀n, mo bá Fúlàní pẹ̀lú màlúù wọn, títí kan àwọn tó ti Atakora lápá àríwá wá dáko.

Lọ́jọ́ kan òjò ká mi mọ́ ìdí òkè. Àpáta kì í mu omi bí iyanrìn tiwa: gbogbo rẹ̀ ló ń ya wálẹ̀, kíá ni ọ̀nà ẹsẹ̀ tí mo gbà ti di odò. Mo ki ìwé mi bọ inú ẹ̀wù, mo sá wọ ahéré ìyá àgbà kan. Wọ́n fún mi níná yá, wọ́n sì bu ọkà èlùbọ́ fún mi.

Mo ní, “Ìyá, ọmọ mélòó ló ń sùn níbí?”

Ojú wọn yí padà. “Ọmọ mi, a kì í ka ọmọ fún ọlọ́mọ.”

Ìyá tèmi náà kì í gbà kí wọ́n ka ọmọ òun, n ò lè jiyàn. Mo pa ìwé dé. Ó ṣe díẹ̀, wọ́n dìde, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í to àwo ìjẹun sílẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan.

“Àwo ni kí o kà.”

Mọ́kànlá. Ọ̀kan ṣì kù lórí itan wọn, wọ́n ń fi aṣọ nù ún.

“Èyí ńkọ́, Ìyá?”

“Ẹni tó ni ín ti sọdá odò Ọ̀pàrà, Nàìjíríà ló wà láti ọdún kejì. Mo máa ń fọ̀ ọ́ mọ́ tàwọn yòókù.”

Ìlànà wa ni pé ẹni tó bá ti kúrò ju oṣù mẹ́fà lọ, a kì í kọ ọ́ mọ́ ilé. Mọ́kànlá ni mo kọ. Nígbà tí èsì jáde, 87,177 ni wọ́n kọ fún Ṣábẹ àti àwọn abúlé rẹ̀. Àwo kejìlá yẹn ṣì ń dùn mí.