Ohun tí ojú mi rí ní ìlà 38 Àríwá ní Kòríà

Ní ọdún tí mo kọ́kọ́ dé Gúúsù Kòríà, èmi àti àwọn ẹlẹgbẹ́ mi wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Sokcho, ní etíkun ìlà-oòrùn. Nígbà tí a dé Yangyang, ọkọ̀ yà síbi ìsinmi kan létí òkun, níbi tí òkúta ńlá kan wà tí wọ́n kọ 38 sí lára, àmì ìlà ìbú ayé tí wọ́n fi pín Kòríà sí Àríwá àti Gúúsù nígbà kan. Mo wo iwájú, mo wo ẹ̀yìn, n kò rí ògiri, n kò rí wáyà. Àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n gbé pákó tí wọ́n fi ń gun ìgbì ni mo rí. Ojú tì mí díẹ̀, nítorí mo ti di káàdì ìdánimọ̀ mi mú ṣinṣin, mo rò pé ẹnubodè la dé.

Awakọ̀ wa, bàbá àgbàlagbà kan, bú sẹ́rìn-ín. Ó ní abẹ́ ìjọba Àríwá ni wọ́n ti bí ẹ̀gbọ́n òun ní Sokcho, abẹ́ ti Gúúsù ni wọ́n sì bí òun sí, bẹ́ẹ̀ inú ilé kan náà ni.

Ìgbà tí mo kàwé nípa rẹ̀ ni ó tó yé mi. Ní oṣù kẹjọ ọdún 1945, ọ̀gá ológun Amẹ́ríkà méjì, Charles Bonesteel àti Dean Rusk, ni wọ́n yan ìlà náà lórí máàpù National Geographic láàárín nǹkan bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú, kí Seoul lè bọ́ sí ọwọ́ Amẹ́ríkà, kí Sófíẹ̀tì sì mú apá òkè. Wọn kò bi ọmọ Kòríà kankan léèrè. Ogun bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 25 oṣù kẹfà ọdún 1950. Nígbà tí wọ́n fọwọ́ sí ìdáwọ́ ìjà dúró ní ọjọ́ 27 oṣù keje ọdún 1953, ibi tí àwọn ọmọ ogun dúró sí ni ó di ààlà, ó sì dagun kọjá lórí ìlà 38.

Èsì òǹkàwé kan: Ẹ ṣeun, ẹ̀gbọ́n. Ìhà ìwọ̀-oòrùn ni tèmi ti ṣẹlẹ̀. Ní ibi ìwòran Dora, níbi tí wọ́n ti ń wo Àríwá láti Gúúsù, afinimọ̀nà ní kí n wo Kaesong, ìlú tí ó wà nísàlẹ̀ ìlà 38, tí ó wà lọ́wọ́ Gúúsù kí ogun tó dé, ṣùgbọ́n tí ó ti di ti Àríwá. Ilẹ̀ tí ọmọ ogun kò gbọdọ̀ gbé, tí ó fẹ̀ tó kìlómítà 4, wà láàárín wa. Ìyá arúgbó kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi ń fi owó ẹyọ sínú awò tí wọ́n fi ń wo ọ̀nà jíjìn, kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Bí àkókò rẹ̀ bá ti pé, tí awò náà ṣókùnkùn, á tún tú báàgì rẹ̀ wò, á tún fi owó ẹyọ mìíràn sí i.