Àlọ́lọ́jì: ìtàn wo ló ti di òótọ́ mọ́ yín lọ́wọ́?

Ọmọ Abẹ́òkúta: Ẹ kú ilé o. Mo ti dá sáyẹ́ǹsì kan sílẹ̀, yunifásítì kankan ò tíì máa kọ́ ọ, èmi ni ọ̀jọ̀gbọ́n ẹ̀ èmi náà ni akẹ́kọ̀ọ́, àlọ́lọ́jì ni mo sọ ọ́. Iṣẹ́ ẹ̀ ò ju ká máa wo bí ọ̀rọ̀ ẹnu lásán ṣe ń di nǹkan téèyàn ń fọwọ́ kàn. Ẹ má tíì rẹ́rìn-ín.

Ṣé ẹ rántí wàhálà owó tuntun ní 2023? CBN, báńkì àpapọ̀ Nàìjíríà, ní tó bá ti di 10 oṣù kejì, owó àtijọ́ ti kú. Ẹgbẹ̀rún kan mẹ́ta ló ṣẹ́kù sí mi lọ́wọ́, ẹnì kan tiẹ̀ ti fi báírò kọ nọ́ńbà fóònù sí ọ̀kan létí, mo ká gbogbo ẹ̀ sínú Bíbélì. Ó di 3 oṣù kẹta, kóòtù tó ga jù ní ká ṣì máa ná an títí di 31 oṣù kejìlá. Inú mi dùn débi pé àárọ̀ Sátidé kejì ẹ̀ mo ti wà lọ́jà Kútọ̀. Ìyá tí mo ń ra ṣáwá lọ́wọ́ ẹ̀ wo owó, ó wò mí, ó ní, "Ọmọ mi, èmi mọ̀ pé owó ni o, àmọ́ ẹni tó ń já ẹja fún mi ò ní gbà á." Bá a ṣe ń fà á lọ́wọ́ ni ẹni tó ń já ẹja fún un dé, òun náà ní tòun kọ́, onímọ́tò tó ń gbé òun ni ò ní gbà. Ṣé ẹ rí i? Kò sẹ́ni tó gbà pé owó yẹn kú, kálukú kàn gbà pé ẹnì kejì òun ló gbà bẹ́ẹ̀, ló bá kú lóòótọ́. Ẹ̀fọ́ tí ò rí ẹja ni mo fi jẹ ẹ̀bà lọ́jọ́ náà. Nígbà tí CBN wá fẹnu ara wọn sọ fáwọn báńkì ní 13 oṣù kẹta pé owó àtijọ́ ṣì ṣeé ná, lọ́sẹ̀ yẹn náà ni ìyá yẹn gba èyí tí wọ́n kọ nọ́ńbà sí lọ́wọ́ mi, kò wò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Alákọ̀wé: Ọ̀jọ̀gbọ́n, ẹ má bínú o, ẹnì kan ti ṣáájú yín. Robert Merton, onímọ̀ nípa àwùjọ ní Amẹ́ríkà, kọ nípa ẹ̀ ní 1948, báńkì tówó ẹ̀ pé ló fi ṣe àpẹẹrẹ, wọ́n ní ó fẹ́ wọlẹ̀, gbogbo èèyàn sáré lọ gbowó, ó sì wọlẹ̀.

Ọmọ Abẹ́òkúta: Kò pè é ní àlọ́lọ́jì.

Ìyá Ìbejì Muṣin: Ẹ jẹ́ n sọ ti iyọ̀. Oṣù kẹjọ 2014, Ẹ̀bólà ti wọ Èkó láti oṣù keje, ọkàn ò balẹ̀. Ìdájí ni fóònù dún, màmá mi ni láti Ìlá, ó ní ká dìde kíá ká fi omi gbígbóná àti iyọ̀ wẹ̀ ká sì mu díẹ̀ kílẹ̀ tó mọ́, pé gbogbo àdúgbò ti wẹ̀. Mo mọ̀ pé irọ́ ni o, mo kàwé. Àmọ́ mo ń gbọ́ bí ohùn ẹ̀ ṣe ń gbọ̀n, mo gbé omi kaná, mo da pákẹ́ẹ̀tì iyọ̀ kan sí bọ́kẹ́ẹ̀tì, mo wẹ àwọn ìbejì, mo wẹ̀, ara ń yún wa bíi pé èèrà ń rìn lára wa. Baálé mi ní ẹ̀jẹ̀ ríru, mo ní tó bá fi mu ún èmi àti ẹ̀ la jọ máa jà á. Nígbà tílẹ̀ mọ́ kò síyọ̀ mọ́ ní ṣọ́ọ̀bù kankan ládùúgbò wa. Kí mínísítà tó jáde sọ pé irọ́ ni, ó ti bọ́. Èèyàn 20 ni Ẹ̀bólà mú ní Nàìjíríà, 8 kú, àwọn tó ń wá gbogbo ẹni tó fara kan aláìsàn kiri ló lé e lọ, kì í ṣe iyọ̀, síbẹ̀ màmá mi di òní olónìí, òun ló gbà wá là.

Dẹ́rẹ́bà Ìbàdàn: Tèmi ò gùn. 29 oṣù karùn-ún 2023, Ààrẹ tuntun ní sọ́bsídì ti lọ. Epo tó wà nínú tánkì abẹ́ ilẹ̀ nílé epo láàárọ̀ náà ló wà níbẹ̀ nírọ̀lẹ́, àmọ́ láìnì ti dé títì. Èmi náà tò o, pẹ̀lú kẹ́ẹ̀gì méjì.

Dúrósinmí: Sáyẹ́ǹsì lẹ ń pè é, bàbá mi á ní orúkọ ló ń ro ọmọ. Àwọn méjì ló kú kí wọ́n tó bí mi, wọ́n ní àbíkú ni, ni wọ́n bá sọ mí ní Dúrósinmí. Orúkọ yẹn ni màmá mi fi ń ṣọ́ mi, mi ò gbọdọ̀ gun igi, mi ò gbọdọ̀ dé odò, ẹ̀gbọ́n mi ra kẹ̀kẹ́ wá láti Èkó wọ́n tà á kí n tó fojú kàn án. Mo ti lé lógójì báyìí, mi ò lè wa kẹ̀kẹ́. Mo ra ọ̀kan fọ́mọ mi lọ́dún tó kọjá, mo ní n ó kọ́kọ́ wá ẹni tó máa kọ́ ọ. Ó ṣì wà ní sítọ́ọ̀, táyà ẹ̀ méjèèjì ti jò.