"Ìyálé" kò bá abo erin tó ń ṣáájú agbo mu

Ẹ̀yin ará, ẹ kú iṣẹ́ ọpọlọ. Ẹni tó dá ọ̀rọ̀ sílẹ̀ lórí orúkọ Yorùbá tó yẹ ká máa pe àwọn erin nínú agbo ní ká máa pe abo erin tó ń ṣáájú agbo ní "ìyálé". Ẹlòmíì ní "ọbabìnrin". N kò fara mọ́ méjèèjì.

Wọ́n fẹ́ ìyálé wá sílé ni, àwọn ìyàwó tó bá a níbẹ̀ kì í sì í ṣe ọmọ ìyá rẹ̀. Abo erin kì í lọ ilé ọkọ. Inú agbo tí wọ́n bí i sí ló máa ń gbé dọjọ́ alẹ́, pẹ̀lú ìyá rẹ̀, àwọn àbúrò rẹ̀ lóbìnrin àti ọmọ wọn. Akọ ló ń filé sílẹ̀, ní nǹkan bí ọmọ ọdún 14.

"Ọbabìnrin" tún wá burú jù. Ta ló fi í jẹ? Ohun tó mọ̀ ni wọ́n ń tẹ̀ lé. Ní Amboseli, ilẹ̀ Kẹ́ńyà, níbi tí wọ́n ti ń tọpa ìdílé erin láti 1972, àwọn olùwádìí fi ẹ̀rọ gbé ohùn kìnnìún jáde. Agbo tí àgbà rẹ̀ dàgbà jù ló mọ ohùn akọ kìnnìún, tó léwu jù fún ọmọ erin, yàtọ̀ sí ti abo. Kíá ni wọ́n ṣùjọ. Ọjọ́ orí ló ṣe é. Nítorí náà, "ìyá àgbà agbo" ni mo fọwọ́ sí.

Ó ku "alágbàtọ́", tí ẹnìkan dábàá fún àwọn ọ̀dọ́ abo tó ń tọ́jú ọmọ ẹlòmíì. Ọmọ àgbàtọ́ ti kúrò lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀. Ti erin ṣì ń mu ọmú ìyá tó fi oṣù 22 lóyún rẹ̀. Ọmọ tuntun náà kò tilẹ̀ tíì mọ ọwọ́jà rẹ̀ lò: á máa jù ú síhìn-ín sọ́hùn-ún, ẹnu ló sì fi ń mumi. Bó bá rì sínú ẹrẹ̀ tó figbe ta, àwọn ọ̀dọ́ abo á sáré dé, wọ́n á ki ọwọ́jà bọ abẹ́ ikùn rẹ̀, wọ́n á gbé e dìde. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń kọ́ bí wọn yóò ṣe tọ́ tiwọn. Mo dábàá "abánitọ́mọ". Bí ẹnikẹ́ni bá ní èyí tó dùn ún pè jù bẹ́ẹ̀ lọ, kó mú un wá, kó má ṣáà jẹ́ èyí tó gba ọmọ lọ́wọ́ ìyá.